Elégédé Kọ́ Ló Jẹ̀bi

Ní Ọjọ́bọ̀ kẹrin oṣù Kọkànlá lọ́dọọdún, Amẹ́ríkà máa ń ti ọ́fíìsì pa kí oníkálùkù lè lọ bá àwọn ẹbí rẹ̀ jẹun. Ọjọ́ Ìdúpẹ́ ni wọ́n ń pè é. Tòlótòló ni ọ̀gá oúnjẹ ọjọ́ náà, àmọ́ tí wọ́n bá ti palẹ̀ ẹran mọ́, páì elégédé ni tọmọdé tàgbà ń retí. Bó ṣe rí náà nìyẹn nílé àwọn ọmọ Yorùbá tó wà ní Houston, ní Chicago àti ní Maryland. Ìrẹsì jọ̀lọ́ọ̀fù á wà lórí tábìlì, mọ́ínmọ́ín á wà níbẹ̀, síbẹ̀ àwọn ọmọ tí wọ́n bí sọ́hùn-ún ò ní gbà pé ọdún ti dé bí wọn ò bá rí páì.

Míìtì páì lẹni tó wà nílé mọ̀ jù, èyí tí wọ́n pa ẹnu rẹ̀ dé mọ́ ẹran àti pòtétò. Páì elégédé kò ní ìdérí. Èèpo tí wọ́n fi ìyẹ̀fun ṣe ló wà nísàlẹ̀. Wọ́n á se elégédé, wọ́n á lọ̀ ọ́ kúnná, wọ́n á fi ẹyin, mílíìkì, ṣúgà, sínámọ̀n, atalẹ̀ àti kànáfùrù pò ó, wọ́n á dà á sínú èèpo náà, wọ́n á sì yan án títí yóò fi dì.

Ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an lọkàn àwọn tó ní ìtọ̀ ṣúgà tàbí ẹ̀jẹ̀ ríru kì í balẹ̀. Àwọn kan á ní àwọn ò jẹ páì mọ́ láé. Àwọn mìíràn á ní àwọn fẹ́ yan èyí tó fúyẹ́. Wọ́n á yọ ẹyin kúrò, wọ́n á yọ gbogbo ṣúgà, wọ́n á fi mílíìkì ṣíṣàn rọ́pò èyí tó ki. Ohun tó máa ń ti inú ààrò jáde kì í dì, kì í sì í dùn, àwọn ọmọ á tì í sí ẹ̀gbẹ́ àwo, ìyá tó yan án á sì padà sí ti tẹ́lẹ̀ lọ́dún tó ń bọ̀. Ó máa ń dùn mí tí mo bá rí i, nítorí iṣẹ́ gidi ni ìyá yẹn ṣe, ibi tí kò yẹ ló ti gé e. Oúnjẹ ọdún ni. Ẹni tó bá fẹ́ mú nǹkan kúrò nínú rẹ̀, ó yẹ kó kọ́kọ́ mọ ibi tí ẹrù wà.

Ẹ jẹ́ ká tú u palẹ̀ ká kà á. Páì tí wọ́n sábà máa ń yan nínú àwo oní-ínṣì 9 máa ń gba elégédé gíráàmù 425, ṣúgà gíráàmù 150, ẹyin 2, àti mílíìkì inú agolo bíi mìlílítà 350. Èèpo rẹ̀ á gba ìyẹ̀fun àlìkámà bíi gíráàmù 155 àti bọ́tà bíi gíráàmù 113. Kálórì la fi ń ṣírò agbára tí oúnjẹ ń fún ara. Gbogbo elégédé yẹn kò ju kálórì 145 lọ. Ẹyin méjèèjì náà, iye kan náà. Mílíìkì á mú nǹkan bí 500 wá, ṣúgà á mú 580. Èèpo nìkan á mú nǹkan bí 1,380 wá. Àròpọ̀ gbogbo rẹ̀ lé ní 2,700, èèpo sì ti kó ìdajì. Tí a bá gé páì náà sí mẹ́jọ, kálórì bíi 345 ló wà nínú ègé kan, bíi 170 nínú rẹ̀ ló sì jẹ́ ti èèpo tí ọ̀pọ̀ èèyàn kì í jẹ tán.

Elégédé kọ́ ló jẹ̀bi nígbà náà. Elégédé ló tiẹ̀ ń ṣoore jù nínú gbogbo wọn. Àwọ̀ tó mú kó pupa rúsúrúsú yẹn, bẹta-karotíìnì ni, irú èyí tó wà nínú epo pupa wa, tí ara máa ń sọ di fítámì A fún ojú, awọ ara àti agbára láti bá àìsàn jà. Ègé páì kan ṣoṣo lè fún obìnrin tó ti dàgbà ní ju ìdajì fítámì A tó nílò lóòjọ́ lọ. Ohun kan sì wà tí àwọn tó ń sá fún ọ̀rá pátápátá kì í rántí: bẹta-karotíìnì kì í wọ ara dáadáa bí ọ̀rá díẹ̀ ò bá sin ín wọlé. Páì tí kò lọ́ràá rárá yóò máa fi oore tirẹ̀ ṣòfò.

Èèpo yìí, àlejò ni lára elégédé. Ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni elégédé ti ṣẹ̀. Nínú ihò àpáta kan ní Oaxaca, lórílẹ̀-èdè Mẹ́síkò, wọ́n rí kóró rẹ̀ tó ti tó nǹkan bí 10,000 ọdún. Lẹ́yìn tí àwọn Òyìnbó gúnlẹ̀ síbẹ̀ ni irúgbìn rẹ̀ tó rìnrìn àjò dé Yúróòpù àti ilẹ̀ wa, tó wá di ohun tí àwọn ìyá wa ń gbìn sí ẹ̀yìnkùlé, tí ìtàkùn rẹ̀ ń fà káàkiri. Nígbà tí àwọn tó ṣí wá láti Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti àwọn Wampanoag onílẹ̀ jọ jẹun ìkórè ní Plymouth lọ́dún 1621, ó ṣeé ṣe kí elégédé wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n páì ò sí, torí wọn ò ní bọ́tà àti ìyẹ̀fun àlìkámà tí wọ́n lè fi ṣe èèpo. Ọdún 1796 ni Amelia Simmons gbé ìwé ìdáná rẹ̀, American Cookery, jáde ní Hartford. Ibẹ̀ la ti rí elégédé tí wọ́n fi ẹyin pò, tí wọ́n sì yan nínú èèpo, bí a ṣe mọ̀ ọ́n lónìí. Lọ́dún 1827, Sarah Josepha Hale fi páì elégédé sórí tábìlì Ọjọ́ Ìdúpẹ́ nínú ìwé ìtàn rẹ̀, Northwood. Obìnrin yìí kan náà ló fi ọ̀pọ̀ ọdún kọ lẹ́tà sí àwọn gómìnà àti ààrẹ pé kí wọ́n sọ ọjọ́ náà di ti gbogbo orílẹ̀-èdè, Abraham Lincoln sì gbà fún un lọ́dún 1863, nígbà tí ogun abẹ́lé ń jà. Ọdún 1941 ni ìjọba fi òfin so ó mọ́ Ọjọ́bọ̀ kẹrin oṣù Kọkànlá.

Mo sọ ìtàn yìí nítorí ó ń fún wa láyè. Èèpo tó nípọn, tí etí rẹ̀ ga, kò sí lára májẹ̀mú kankan. Ọwọ́ èèyàn ló mú un wá, ọwọ́ èèyàn lè dín in kù.

Ṣùgbọ́n báwo la ṣe máa dín in kù? Ibí ni ọ̀pọ̀ ti ń ṣìnà. Wọ́n á fi ìyẹ̀fun sílẹ̀ bó ṣe wà, wọ́n á wá yọ bọ́tà títí yóò fi ku ìwọ̀nba díẹ̀. Èèpo náà á le koránkorán. Ìdí rẹ̀ ni pé nígbà tí omi bá kan ìyẹ̀fun àlìkámà tí a sì ń pò ó, purotéènì inú rẹ̀ máa ń so mọ́ ara wọn di okùn tó ń fà, tí wọ́n ń pè ní gúlútẹ̀nì. Okùn yìí la ń fẹ́ nínú búrẹ́dì. Nínú páì, a ò fẹ́ ẹ. Bọ́tà ló máa ń yí ìyẹ̀fun ká kí omi má tètè rí i, tí okùn náà ò fi ní gùn. Omi díẹ̀ tún wà nínú bọ́tà fúnra rẹ̀, nǹkan bí ìdá 16 sí 18 nínú 100. Tí ooru ààrò bá bá a, á di èéfín, á sì ya ìyẹ̀fun náà sí fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́. Ẹni tó bá yọ bọ́tà kúrò jù ti yọ iṣẹ́ méjì kúrò lẹ́ẹ̀kan.

Ohun tí mo fara mọ́ ni pé kí a fi ìbátan bọ́tà àti ìyẹ̀fun sílẹ̀ ní ibi tó ṣì lè ṣiṣẹ́, ká sì wá dín èèpo náà kù lódindi. Àwọn ará Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ti ń ṣe èèpo páì tiwọn tipẹ́ pẹ̀lú ìdajì ọ̀rá sí ìyẹ̀fun, kò sì le. Nítorí náà, ẹ wọn ìyẹ̀fun gíráàmù 100 àti bọ́tà tútù gíráàmù 50, pẹ̀lú iyọ̀ fínnífínní. Ẹ fi orí ìka rún bọ́tà náà mọ́ ìyẹ̀fun títí ẹyọ kan nínú rẹ̀ ò fi ní tóbi ju kóró ẹ̀wà lọ. Àtẹ́lẹwọ́ ti gbóná jù fún iṣẹ́ yìí, ó máa ń yọ́ bọ́tà. Ẹ wọ́n omi tútù nini bíi ṣíbí ìjẹun méjì sí i, ẹ kó o jọ, ẹ má ṣe pò ó bíi búrẹ́dì. Ẹ fi náílọ́ọ̀nù dì í, kó wà nínú fìríìjì fún ọgbọ̀n ìṣẹ́jú, kí okùn díẹ̀ tó ti so nínú rẹ̀ lè dẹ̀. Lẹ́yìn náà, ẹ fi igi yí i lórí tábìlì tí a wọ́n ìyẹ̀fun sí, títí yóò fi fẹ̀ tó láti bo ìsàlẹ̀ àti ẹ̀gbẹ́ àwo páì. Ó máa tinrin, nǹkan bíi mìlímítà 2. Etí tí wọ́n máa ń ká sókè tí wọ́n ń fi ìka tẹ̀ lọ́ṣọ̀ọ́ ni a ò ní ṣe mọ́. Bó bá ya níbì kan, ẹ fi èyí tó kù lẹ̀ ẹ́. Èèpo yìí kò ju nǹkan bíi kálórì 720 lọ, ó lé díẹ̀ ní ìdajì ti àtijọ́.

Mo ní bọ́tà. Àwọn kan á ní àwọn á fi ọ̀rá funfun líle inú agolo rọ́pò rẹ̀, irú èyí tó ti wà ní Amẹ́ríkà láti ọdún 1911 tí wọ́n ti gbé Crisco jáde. Kò fúyẹ́ ju bọ́tà lọ. Nínú bọ́tà, nǹkan bí ìdá 80 nínú 100 ni ọ̀rá. Ọ̀rá funfun yẹn, ọ̀rá ni látòkèdélẹ̀. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, bí wọ́n ṣe ń mú kó le ló ń dá irú ọ̀rá kan tí wọ́n ń pè ní trans fat sílẹ̀, èyí tó ń ba ọkàn àti òpó ẹ̀jẹ̀ jẹ́ ju bọ́tà lọ. Lọ́dún 2015, àjọ tó ń bójú tó oúnjẹ àti oògùn ní Amẹ́ríkà kéde pé òróró tí wọ́n sọ di líle lọ́nà yẹn kì í ṣe ohun tí a lè fọkàn balẹ̀ fi sínú oúnjẹ mọ́, láti 2018 sì ni òfin náà ti bẹ̀rẹ̀ sí í múlẹ̀. Ẹ ka ara ike tàbí agolo kí ẹ tó rà.

Ó ku ṣúgà. Nínú páì àtijọ́, ègé kan ti gba bíi gíráàmù 19. Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ lọ́dún 2015 pé kí irú ṣúgà tí a ń dà sí oúnjẹ má kọjá ìdá mẹ́wàá agbára tí à ń jẹ lóòjọ́, ìyẹn bíi gíráàmù 50 fún ẹni tó ń jẹ kálórì 2,000. Oyin wà nínú ìmọ̀ràn náà o. Ẹni tó bá yọ ṣúgà tó fi oyin sí i kò tíì dín nǹkan kan kù.

A lè yọ ìdá kan nínú mẹ́ta, láti 150 sí 100, láìjẹ́ pé páì náà bàjẹ́. Mi ò ní kí ẹ yọ gbogbo rẹ̀, torí pé kì í ṣe adùn nìkan ni ṣúgà wà fún. Ó máa ń di omi mú, ó sì máa ń fa ẹyin sẹ́yìn kó má tètè dì, ìdí nìyẹn tí inú páì fi ń jọ̀lọ̀. Láti dí àyè èyí tí a yọ, ẹ lọ sídìí elégédé. Ẹ da elégédé lílọ̀ sínú ìkòkò lórí iná tí kò pọ̀, kí ẹ máa rò ó. Níbẹ̀rẹ̀ á máa ta sókè, á sì máa yọ èéfín. Tó bá ti tó nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá, á bẹ̀rẹ̀ sí í di ìdí ìkòkò mú, àwọ̀ rẹ̀ á dúdú díẹ̀, òórùn rẹ̀ á sì yí padà láti ti ewébẹ̀ sí ti ohun dídùn. Omi ló ti lọ yẹn, adùn tó wà nínú rẹ̀ ló kù. Ẹ da sínámọ̀n ṣíbí kékeré kan àti ààbọ̀ sí i nígbà tó ṣì gbóná, pẹ̀lú atalẹ̀ gbígbẹ tí a gún ààbọ̀ ṣíbí, kànáfùrù fínnífínní, àti iyọ̀ ìdajì ṣíbí kékeré. Sínámọ̀n máa ń jẹ́ kí ahọ́n rò pé ṣúgà pọ̀ ju bó ṣe wà lọ, iyọ̀ díẹ̀ sì máa ń gbé adùn síta.

Tó bá jẹ́ elégédé tútù lẹ fẹ́ lò, ẹ má ra irú èyí tí wọ́n ń gbẹ́ ojú sí lára fún àwọn ọmọdé ní Amẹ́ríkà. Omi ló kún inú rẹ̀, ó sì ní jáńjá. Ẹ wá elégédé kékeré tí ara rẹ̀ ki. Ẹ là á sí méjì, ẹ kó kóró rẹ̀ jáde, ẹ dojú rẹ̀ délẹ̀ nínú páànù, kí ẹ yan án títí ọ̀bẹ á fi máa wọ̀ ọ́ wẹ́rẹ́. Ẹ fi ṣíbí họ ẹran ara rẹ̀, ẹ lọ̀ ọ́, kí ẹ gbé e sínú aṣọ mímọ́ kí omi ro kúrò lára rẹ̀. Elégédé ọjà wa náà ṣeé lò bẹ́ẹ̀, bó bá ṣáà ti gbó dáadáa. Èyí tó wà nínú agolo kò ní àbùkù kankan, bí a bá rí i pé elégédé nìkan ló wà nínú rẹ̀, tí wọn ò tíì po ṣúgà mọ́ ọn.

Mílíìkì kò gba ọ̀rọ̀ púpọ̀. Ẹ lo mílíìkì inú agolo tí wọ́n ti yọ ọ̀rá rẹ̀. Ó ki bíi ti àtijọ́, purotéènì rẹ̀ pé, ṣùgbọ́n kálórì rẹ̀ sún mọ́ 300 dípò 500. Tí ẹ ò bá rí i, ẹ po mílíìkì páúdà tí kò lọ́ràá gíráàmù 75 mọ́ omi mìlílítà 300. Ẹni tó wà nílé kó wo ara agolo dáadáa, torí ọ̀pọ̀ mílíìkì agolo ní ọjà wa ni wọ́n ti yọ ọ̀rá màlúù kúrò nínú rẹ̀ tí wọ́n sì fi òróró igi rọ́pò rẹ̀. Èyí tí wọ́n ti po ṣúgà mọ́, tó ki gan-an, kì í ṣe òun là ń sọ. Ẹyin ńkọ́? Ẹ fi méjèèjì sílẹ̀. Àwọn ló ń mú páì dì, ohun tí wọ́n sì ń gbé wọlé kò tó ohun tí èèyàn ń bá wọn jà sí.

Nígbà tí èèpo bá ti wà nínú àwo, ẹ tẹ́ pépà ìyan sí i lórí, ẹ da ẹ̀wà gbígbẹ sínú pépà náà kó lè di èèpo mọ́lẹ̀, kí ẹ yan án ní ìwọ̀n 200 Celsius fún ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Ẹ kó ẹ̀wà kúrò (kò ṣeé sè jẹ mọ́, àmọ́ ẹ lè tọ́jú rẹ̀ de páì mìíràn), ẹ fi funfun ẹyin díẹ̀ kun inú èèpo, kí ẹ dá a padà fún ìṣẹ́jú márùn-ún. Funfun ẹyin yẹn ni kò ní jẹ́ kí omi elégédé wọnú èèpo tinrin wa. Ẹ wá po elégédé tó ti tutù mọ́ ṣúgà, ẹyin àti mílíìkì, ẹ dà á sínú rẹ̀, kí ẹ rẹ ooru ààrò wálẹ̀ sí ìwọ̀n 175.

Láti ogójì ìṣẹ́jú lọ, ẹ má kúrò nítòsí. Ẹ fi aṣọ di àwo náà mú kí ẹ mì ín díẹ̀. Ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ti gbọ́dọ̀ dúró ṣinṣin, ó sì ti gbọ́dọ̀ wú díẹ̀, ṣùgbọ́n àárín rẹ̀, níwọ̀n tí àtẹ́lẹwọ́ ọmọdé lè bò, gbọ́dọ̀ ṣì máa mì bí ẹ̀kọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń dì. Ẹ gbé e jáde nígbà yẹn. Ní nǹkan bí ìwọ̀n 80 Celsius ni inú páì máa ń dì, ooru tó ṣẹ́ kù nínú rẹ̀ á sì parí iṣẹ́ náà lórí tábìlì. Ẹni tó bá dúró kí àárín le kó tó gbé e ti pẹ́ jù: purotéènì ẹyin á fún ara wọn pọ̀, wọ́n á fún omi jáde, ojú páì á sán láàárín. Ṣúgà tí a dín kù ti mú kí ẹyin tètè dì ju tàtijọ́ lọ, nítorí náà páì tó fúyẹ́ kì í pẹ́ nínú ààrò tó èyí tó wúwo.

Gbogbo páì yìí jẹ́ nǹkan bíi kálórì 1,700. Ègé kan nínú mẹ́jọ jẹ́ bíi 210, nígbà tí ti àtijọ́ jẹ́ 345. Ọ̀rá bọ́tà àti ti mílíìkì tó ń fa ìdààmú fún òpó ẹ̀jẹ̀ ti lọ sílẹ̀ ju ìdajì lọ. Ẹni tó ní ìtọ̀ ṣúgà kó fi sọ́kàn pé gíráàmù bíi 32 carbohydrate ṣì wà nínú ègé náà, ó kéré sí 42 ti àtijọ́, ṣùgbọ́n kì í ṣe òdo. Kó kà á mọ́ ìrẹsì àti iṣu tó ti jẹ níkàlẹ̀, kó sì yọ nínú àwọn yẹn kí páì lè rí àyè. Kíríìmù tí wọ́n máa ń nà lé e lórí náà wà nínú ìṣirò: ṣíbí ìjẹun kan kíríìmù kó tó di nínà ti tó kálórì 50. Ṣíbí kan tó, ẹni tó bá bù mẹ́ta ti dá ohun tí a fi gbogbo ọwọ́ yọ padà.

Ẹyin àti mílíìkì wà nínú páì náà, nítorí náà kó má ṣe wà lórí tábìlì ju wákàtí méjì lọ kó tó wọ fìríìjì, níbi tó ti lè wà fún ọjọ́ mẹ́ta tàbí mẹ́rin.

Ní apá gúúsù orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà, lọ́dọ̀ àwọn aláwọ̀ dúdú tí wọ́n kó àwọn baba ńlá wọn lẹ́rú láti Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà, ọ̀dùnkún ló wà nípò elégédé. Abby Fisher, tí wọ́n bí sínú oko ẹrú, ti kọ bí wọ́n ṣe ń ṣe páì ọ̀dùnkún sínú ìwé ìdáná rẹ̀ tó jáde ní San Francisco lọ́dún 1881. Ìlànà èèpo tinrin àti mílíìkì tí kò lọ́ràá bá páì yẹn mu láìyí nǹkan kan padà, ṣùgbọ́n ṣúgà ló yàtọ̀. Ọ̀dùnkún ju elégédé lọ ní ìlọ́po méjì àti ààbọ̀ nínú kálórì, ó sì ní ohun kan tó ń ràn wá lọ́wọ́: tí a bá yan án tèèpotèèpo lórí ooru tí kò le, èròjà kan nínú rẹ̀ tí wọ́n ń pè ní ẹ́ńsáìmù máa ń sọ sítáàṣì di ṣúgà kó tó jiná. Ẹ má ṣe bọ̀ ọ́ nínú omi. Ẹ yan án fún nǹkan bíi wákàtí kan, títí oje dídùn á fi máa yọ lára èèpo rẹ̀, ẹ bó o, ẹ lọ̀ ọ́, kí ẹ sì lo ṣúgà gíráàmù 60 péré dípò 100. Bó bá ki jù, ẹ fi omi díẹ̀ là á. Ègé kan rẹ̀ á wà ní nǹkan bíi kálórì 220.